Àbúrò, wo ibi tí imú bleeder kọjú sí kí o tó náwó

Àbúrò mi ará Apáta, mo rí ìbéèrè rẹ lálẹ́ àná. O ní o pààrọ̀ kíìtì (àwọn rọ́bà inú) lower kílọ́ọ̀ṣì Corolla rẹ, láti ìgbà náà pẹ́dà kàn ń rì wọlé bí ìgbà tí èèyàn tẹ ẹrẹ̀, jíà kò sì wọlé mọ́ tí ẹ́ńjìnnì bá ti ń ṣiṣẹ́. O wá béèrè pé ṣé o lè dá nìkan bleed rẹ̀, ìyẹn kí o lé afẹ́fẹ́ inú ọ́ìlì rẹ̀ jáde, nínú ọgbà ilé rẹ, láìsí ẹni tí yóò máa bá ọ tẹ pẹ́dà. Ohun tó ṣe ọ́ yìí ti ṣe mí rí. Ọjọ́ mọ́kànlá gbáko ló gbà lọ́wọ́ mi. Jọ̀ọ́, má ra ohunkóhun mọ́, má sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ jíàbọ́ọ̀sì rẹ kalẹ̀ títí wàá fi ka ohun tí mo kọ yìí tán.

Pọ́ǹpù ọ́ìlì méjì ni kílọ́ọ̀ṣì rẹ ní. Upper ni ti òkè, ó wà lẹ́yìn pẹ́dà lápá ibi tí ẹ́ńjìnnì wà, òun ló ń gba ọ́ìlì bíréèkì láti inú ike rẹ̀. Lower ni ti ìsàlẹ̀, ara jíàbọ́ọ̀sì ni wọ́n dè é mọ́; ara rẹ̀ ni bleeder wà, ìyẹn bóòlù kékeré oníhò tí a ń tú kí afẹ́fẹ́ lè jáde. Tí o bá tẹ pẹ́dà, upper á ti ọ́ìlì gba inú páìpù, ọ́ìlì á ti ọ̀pá inú lower, ọ̀pá yẹn á ti fọ́ọ̀kì, kílọ́ọ̀ṣì á sì tú ẹ́ńjìnnì sílẹ̀ lára jíà. Ọ́ìlì kì í fún pọ̀, afẹ́fẹ́ ló ń fún pọ̀. Bí afẹ́fẹ́ díẹ̀ bá há sáàárín, ibẹ̀ ni agbára ẹsẹ̀ rẹ máa ń tán sí, ọ̀pá ìsàlẹ̀ ò sì ní rìn dé ibi tó yẹ. Ìdí nìyẹn tí jíà fi ń dún gàràgàrà, pàápàá rìfáàsì. Tí o bá ti lọ bi àwọn onítakisí Maikírà léèrè, má dá wọn lẹ́bi tí wọn ò bá mọ̀ ọ́n: wáyà ló ń fa kílọ́ọ̀ṣì Maikírà àtijọ́ tí wọ́n ń wà yẹn, kò sí ọ́ìlì níbẹ̀ tí afẹ́fẹ́ máa wọ̀.

Tèmi bẹ̀rẹ̀ nígbà tí mo ń bọ̀ láti Sángo, tí mo ń lọ sí Mọ́kọ́lá, nínú súnkẹrẹ-fàkẹrẹ ìrọ̀lẹ́. Mo tẹ kílọ́ọ̀ṣì, pẹ́dà wọlé, kò padà wá mọ́. Mo ń fi ọwọ́ fà á sókè bí ẹni ń fa omi nínú kànga. Àwọn òṣìṣẹ́ ojú títì kan dé, aláṣọ ìjọba ni wọ́n. Kò sí ọ̀kan tó fọwọ́ kan ọkọ̀ náà láti bá mi tì í. Mo bẹ̀ wọ́n pé èèyàn méjì péré tó láti tì mí dé etí títì. Wọ́n ní mo dí ọ̀nà, wọ́n pe ọkọ̀ tó ń fa ọkọ̀, mo sì san owó ìfàlọ, mo san owó ẹ̀ṣẹ̀, kí mẹkáníìkì kankan tó fojú kan kílọ́ọ̀ṣì. Títí di òní, inú máa ń bí mi tí mo bá kọjá níbẹ̀. (Tí irú ẹ̀ bá ká ọ mọ́ ojú ọ̀nà, tẹ pẹ́dà lẹ́ẹ̀mẹ́ta tàbí mẹ́rin léraléra, kíákíá. Nígbà mìíràn agbára díẹ̀ á kóra jọ tí jíà á fi wọlé, wàá fi lè kúrò lójú títì kí wọ́n tó dé.)

Mẹkáníìkì àkọ́kọ́, ará àdúgbò wa, ní kíìtì lower ló ti jẹ. Òótọ́ ni, ọ́ìlì ń jò ní ìdí rẹ̀. Ó tú u, ó da pẹtiróòlù sínú abọ́, ó fi fọ inú lower, ó tún fi fọ rọ́bà tuntun tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ rà. Mo dúró níbẹ̀, mo ń wò ó, mi ò mọ̀ pé kò dáa. Kò pé ọjọ́ mẹ́ta tí rọ́bà yẹn fi wú, ó há sínú, ọ́ìlì tún bẹ̀rẹ̀ sí í jò. Gbọ́, àbúrò: ohunkóhun tó bá ti ara epo rọ̀bì wá, pẹtiróòlù, kẹrosíìnì, ọ́ìlì ẹ́ńjìnnì, kò gbọdọ̀ kan rọ́bà inú kílọ́ọ̀ṣì tàbí bíréèkì. Ọ́ìlì bíréèkì tó mọ́ ni wọ́n fi ń fọ̀ ọ́, òun náà ni wọ́n sì fi ń pa á kí ó tó wọlé. Àwọn kan tún wà tó ń da omi ọṣẹ síbẹ̀ tí ọ́ìlì bá tán. Omi á jẹ irin inú rẹ̀, yóò sì dípẹtà. Tí mẹkáníìkì rẹ bá lo pẹtiróòlù nígbà tó ń fi kíìtì rẹ sí i, sọ fún mi, torí ọ̀rọ̀ mìíràn nìyẹn, bleed kankan ò lè gbà á.

Mo gba Gate lọ, ọjà sípíà pátì Aráròmí, mo ra lower tòkunbọ̀. Ẹni tó tà á fún mi ní ti Corolla ni. Ihò bóòlù méjèèjì bá ara mu, páìpù wọlé, kò sí ẹni tó fura. Mẹkáníìkì kejì dè é mọ́ ọn, ó ní kí ọmọ iṣẹ́ rẹ̀ máa tẹ pẹ́dà. Láti aago mẹ́wàá àárọ̀ títí di ìgbà tí wọ́n ń pe ìrun aláàsáárì, ọmọ yẹn ń tẹ, ọ̀gá rẹ̀ ń tú bleeder, ó ń dé e. Ìgò ọ́ìlì mẹ́ta tán. Ọ́ìlì tó ń jáde mọ́ kedere, kò sí hóró afẹ́fẹ́ kankan nínú rẹ̀, síbẹ̀ pẹ́dà ò le. Ó ní upper ló bàjẹ́. Mo ra upper, tuntun. Kò yí nǹkan kan padà.

Ẹnìkẹta ni mi ò lè gbàgbé. Oníkọ̀ǹpútà ni, aṣọ iṣẹ́ rẹ̀ mọ́ tónítóní, ó ń sọ̀rọ̀ bí olùkọ́ yunifásítì. Ó gba owó kọ̀ǹpútà kó tó ṣí ilẹ̀kùn ọkọ̀. Corolla àtijọ́ bíi tèmi ò ní ohunkóhun tó ń sọ fún kọ̀ǹpútà pé afẹ́fẹ́ wà nínú páìpù kílọ́ọ̀ṣì. Kò sí wáyà kankan tó so lower mọ́ ọn. Mo béèrè pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ pé ṣé kì í ṣe afẹ́fẹ́ ló ṣì wà níbẹ̀. Ó wò mí láti òkè dé ilẹ̀, ó ní, “Alàgbà, ẹ jẹ́ kí ẹni tó mọ iṣẹ́ ṣe iṣẹ́.” Ó ní pléètì kílọ́ọ̀ṣì ti jóná, àfi kí jíàbọ́ọ̀sì sọ̀ kalẹ̀. Wọ́n sọ̀ ọ́ kalẹ̀. Pléètì ṣì nípọn, nọ́ńbà tí wọ́n tẹ̀ sí i lára ṣì hàn ketekete. Kò tilẹ̀ bẹ̀ mí. Mo san owó ìsọ̀kalẹ̀, mo san owó ìgbéga, mo sì fi ẹsẹ̀ rìn wọlé.

Ní ọjọ́ kọkànlá, ọjọ́ Àìkú, lẹ́yìn ìsìn, mo tẹ́ páálí sílẹ̀, mo wọ abẹ́ ọkọ̀ pẹ̀lú tọ́ọ̀ṣì. Bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran. Mo kàn ń wo lower yẹn ṣáá. Mo rí i pé òkè ni páìpù ti wọ inú rẹ̀, bleeder sì wà nísàlẹ̀, imú rẹ̀ kọjú sí ilẹ̀. Òkè ni afẹ́fẹ́ máa ń lọ nínú ọ́ìlì, ọmọdé tó bá ti rí omi tó ń hó mọ̀ bẹ́ẹ̀. Gbogbo afẹ́fẹ́ náà gun orí lower, ó jókòó síbẹ̀, àwa sì ń ṣí ihò ìsàlẹ̀, ọ́ìlì nìkan ló ń jáde. Ká fi oṣù kan tẹ pẹ́dà, kò lè jáde. Ara ọkọ̀ tí jíàbọ́ọ̀sì rẹ̀ dojú kọ ibòmíràn ni wọ́n ti yọ lower yẹn.

Ohun tí mo ṣe nìyí. Mo tú bóòlù méjèèjì tó de lower mọ́ jíàbọ́ọ̀sì, mi ò tú páìpù. Mo yí i kí imú bleeder kọjú sókè. Mo fi G-clamp, irin ìdìmú tí káfíńtà ń lò, mú ọ̀pá rẹ̀ mọ́ inú pinpin. Má fojú kékeré wo ibi yìí o: tí lower ò bá sí ní ìdí fọ́ọ̀kì, tí ẹnikẹ́ni sì tẹ pẹ́dà, ọ̀pá àti pístìnì á fò jáde, ọ́ìlì á tú dànù, ó sì lè ṣe ojú rẹ léṣe. Ìyàwó mi tẹ pẹ́dà lẹ́ẹ̀kan, mo ṣí bleeder, afẹ́fẹ́ jáde fùú. Ẹ̀ẹ̀mẹfà péré, ó tán. Mo dè é padà, pẹ́dà le. Mo jókòó sínú ọkọ̀ yẹn fún ìgbà pípẹ́, mi ò lè sọ̀rọ̀. Ní ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e mo ra lower tó jẹ́ tirẹ̀ gan-an.

Nípa bleed fúnra rẹ̀, kò le. Bu ọ́ìlì kún ike, fi rọ́bà tó mọ́ gaara sí imú bleeder, ri ẹnu kejì sínú ọ́ìlì nínú ìgò, tẹ pẹ́dà mọ́lẹ̀, ṣí bleeder ní ìdá kan nínú mẹ́rin àyíká, dé e, fi pẹ́dà sílẹ̀. Kò gbọdọ̀ sí ẹni tó fi pẹ́dà sílẹ̀ nígbà tí bleeder ṣì ṣí sílẹ̀. Máa wo ike, má jẹ́ kó tán. Sípánà 10 ló sábà ń bá a, tàbí 8. Fi olórí bíríkítí ṣe é, má fi pláyà yí i, torí tí orí rẹ̀ bá ti yípo, wàhálà mìíràn dé. Ọ́ìlì bíréèkì DOT 3 tàbí DOT 4 ni kí o rà, bí ìdérí ike bá ṣe kọ ọ́. DOT 5 kì í ṣe ẹ̀gbọ́n DOT 4 o, sílíkóònù ni, má pò wọ́n. Má ra ìgò tí wọ́n ti ṣí, ọ́ìlì yìí máa ń fa omi láti inú afẹ́fẹ́. Tó bá kán sára ọ̀dà ọkọ̀, bu omi lù ú lójú ẹsẹ̀, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ ọ̀dà á bó.

Àwọn ọkọ̀ kan wà tó jẹ́ pé ike kan náà ni kílọ́ọ̀ṣì àti bíréèkì jọ ń lò. Tí tìrẹ bá rí bẹ́ẹ̀, tí o sì jẹ́ kí ọ́ìlì tán nínú rẹ̀, afẹ́fẹ́ á wọ bíréèkì. Bíréèkì kì í ṣe ohun tí a fi ń kọ́ṣẹ́. Bákan náà, má fi jáàkì nìkan gbé ọkọ̀ kí o tó wọ abẹ́ rẹ̀. Fi igi tó le tàbí irin ìdúró sí i, kí o sì fi òkúta dínà táyà. Mo mọ ẹni tí jáàkì yẹ̀ lórí rẹ̀, ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ̀ ò bọ̀ sípò mọ́. Má sì da ọ́ìlì tó kù sínú ìgò omi tàbí ìgò ọtí ẹlẹ́rìndòdò. O ní àwọn ọmọdé nílé.

O béèrè bóyá o lè dá a ṣe. O lè dá a ṣe. Ra síríńjì ńlá ní kẹ́mísì, tó gba mílílítà 50 tàbí 60, kí o wá rọ́bà tó fún mọ́ imú bleeder dáadáa. Fa ọ́ìlì inú ike kúrò títí yóò fi ku díẹ̀. Fa ọ́ìlì tuntun sínú síríńjì, lé afẹ́fẹ́ inú rọ́bà jáde, so ó mọ́ bleeder, ṣí bleeder, kí o rọra máa tì í láti ìsàlẹ̀ lọ sókè. Afẹ́fẹ́ ò ní bá ọ jà, torí òkè náà ló fẹ́ lọ. Lọ máa wo ike kó má kún àkúnwọ́sílẹ̀. Tí pẹ́dà bá ṣì rọ̀ díẹ̀ lẹ́yìn èyí, wo rọ́bà páìpù nígbà tí ẹnìkan bá ń tẹ̀ ẹ́, bóyá ó ń wú. Wo kápẹ́ẹ̀tì abẹ́ pẹ́dà bóyá ọ́ìlì ti rin ín. Tí pẹ́dà bá le lákọ̀ọ́kọ́, tó wá ń rọra rì bí o ṣe tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ tí o ò gbé ẹsẹ̀ kúrò, tí kò sì sí ọ́ìlì tó ń jò níbikíbi, rọ́bà inú upper ni.

Ṣùgbọ́n kí o tó ra síríńjì pàápàá, wọ abẹ́ ọkọ̀ yẹn ní ojúmọmọ, ya fọ́tò lower, kí o sì fi ránṣẹ́ síbí. Jẹ́ kí páìpù àti bleeder jọ hàn nínú rẹ̀. Mo máa ń jí ní aago márùn-ún ìdájí, màá wò ó kí n tó lọ síbi iṣẹ́.