Ṣé kí n yọ ẹkún rẹ̀ kúrò nínú fíìmù?

Ìbéèrè: Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Kétu ni mo ń gbé. Ó ti tó oṣù mẹ́ta tí mo ti ń ya fíìmù nípa ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ń gbẹ́ igi Gẹ̀lẹ̀dẹ́. Lọ́jọ́ kan, ó ń sọ̀rọ̀ bàbá rẹ̀ olóògbé tó kọ́ ọ níṣẹ́, ló bá bú sẹ́kún. Mi ò pa kámẹ́rà. Àwọn ọ̀rẹ́ mi ní ibẹ̀ ló wọ àwọn lọ́kàn jù. Àmọ́ bí mo bá ń tò ó pọ̀ lóru, ojú máa ń tì mí. Ṣé kí n yọ ọ́?

Ìdáhùn: Àbúrò mi, o sọ ohun tí àwọn ọ̀rẹ́ rẹ rí. Ọmọ náà ńkọ́, ṣé ó ti wò ó?

Mo ti jẹ irú gbèsè yìí rí. Ọmọbìnrin kan tó ń kun àwòrán ní Àjàṣẹ́ (Porto-Novo) níbí ni mo yà. Àárín èrò ló ti kọ́kọ́ rí ara rẹ̀. Ó kan ibi tí òun àti ìyá rẹ̀ ti ń jà nítorí owó ilé, èrò bú sẹ́rìn-ín. Ó mú bàgì rẹ̀, ó lọ. Ọdún kan gbáko, bí a bá pàdé lọ́jà Ouando, á yà sọ́dọ̀ àwọn ẹlẹ́ja.

Jean Rouch, ará Faransé tó ya fíìmù púpọ̀ ní Niger, gbé fíìmù ọdẹ erinmi padà lọ sí Ayorou fún àwọn apẹja tó yà. Wọ́n ní orin tó fi sí ibi tí wọ́n ti ń ṣọdẹ kò bójú mu: etí erinmi mú, ẹran náà ìbá ti sá lọ! Ó gbà pé wọ́n jàre. Ta ni ìbá sọ ìyẹn fún un ní Paris?

Ohun mìíràn tún wà. Iṣẹ́ ọmọ yìí gan-an, ìbòjú ni. Igi wà lórí, aṣọ bo ojú oníjó. Láti ìgbà tí UNESCO, àjọ àgbáyé tó ń rí sí àṣà, ti kéde Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ní ogún àṣà aráyé lọ́dún 2001, ijó ọ̀sán ni ọ̀pọ̀ àlejò oníkámẹ́rà ń wá yà. Ìwọ lo jókòó síbi tí èèpá igi ti ń fò. Ṣé o ya ọwọ́ rẹ̀ dáadáa? Bó ṣe ń dá ọ̀bẹ dúró, tó ń fẹ́ eruku kúrò lójú igi? Lójú tèmi, ibẹ̀ ni bàbá rẹ̀ wà ju inú omijé lọ.

Ẹ jọ wò ó, ẹ̀yin méjèèjì péré. Má wo àwòrán, òun ni kó o máa wò. Bó bá ní kó o fi í sílẹ̀, fi í sílẹ̀. Bó bá ní kó o yọ ọ́, yọ ọ́ lọ́jọ́ náà, kó o pa á rẹ́ nínú kọ̀ǹpútà pátápátá, torí bó bá wà níbẹ̀, ọwọ́ á máa yún ẹ.

Àmọ́ bó bá ní kó o yọ ibi tó ti gbẹ́ igi bà jẹ́, tó sọ ọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, tó mú òmíràn, ìyẹn ni kó o bá a jà lé lórí.