Owó tó dá padà sínú àkáǹtì yín kọ́ ni òpin àdéhùn ilẹ̀ yẹn

Ẹ̀gbọ́n wa ní Houston, ẹ kú ìdààmú o. Mo ka ọ̀rọ̀ yín lẹ́ẹ̀mejì. Ẹ ra plọ́ọ̀tì méjì n'Ìbàdàn, ẹ san mílíọ̀nù 4 nínú mílíọ̀nù 6 náírà, ẹ gba rìsíìtì, àbúrò yín sì ti da búlọ́ọ̀kù síbẹ̀. Ní báyìí tí ilẹ̀ àdúgbò yẹn ti gbówó lórí, onílẹ̀ ní òun ò tà mọ́, ó sì ti fi mílíọ̀nù 4 ránṣẹ́ padà sí yín. Ẹ wá ń bèèrè bóyá kọ́ọ̀tù lè fipá mú un kó gbé ilẹ̀ náà sílẹ̀.

Kọ́ọ̀tù lè ṣe é. Kò sí ilẹ̀ méjì tó jọra délẹ̀délẹ̀, ìdí nìyẹn tí adájọ́ fi lè pàṣẹ pé kí ẹni tó tà á mú àdéhùn ṣẹ, kì í ṣe kó kàn dá owó padà. Àmọ́ ọwọ́ adájọ́ ni àṣẹ yìí wà, ó lè fún èèyàn, ó sì lè má fún un. Ẹni tí ọwọ́ ẹ̀ mọ́ tó sì tètè dìde ló ń rí i gbà.

Owó tó dá padà yẹn ló ń kọ mí lóminú jù. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ná kọ́bọ̀ nínú ẹ̀. Ẹ jẹ́ kí lọ́yà kọ lẹ́tà sí i lọ́sẹ̀ yìí pé ẹ ò gbà á, pé ẹ kàn ń bá a tọ́jú ẹ̀ ni, pé mílíọ̀nù 6 pé pérépéré sì ń dúró dè é lọ́jọ́ tó bá ti fẹ́ fọwọ́ sí ìwé. Tẹ́ ẹ bá dákẹ́, lọ́yà tiẹ̀ á sọ pé ẹ̀yin náà ti fara mọ́ ọn kí àdéhùn tú ká.

Mo ti jókòó sórí àga ẹlẹ́rìí rí, ẹ̀gbọ́n. Lọ́jọ́ tí mo jẹ́rìí lórí ilẹ̀ tèmi, rìsíìtì ni mo rò pé wọ́n máa fi da ìbéèrè bò mí. Lọ́yà onílẹ̀ ò tiẹ̀ wò ó. Ohun tó bi mí ni pé, "Ìyókù owó dà?" Stétímẹ́ǹtì báńkì ni mo fi dá a lóhùn: owó náà ti wà níbẹ̀ látọjọ́ tó yẹ kí n san án, ẹnikẹ́ni ò fọwọ́ kàn án. Ó fi ìka tọ ìlà owó náà láti òkè délẹ̀, ó dá ìwé náà padà, ó jókòó. Torí náà, ẹ tètè kó mílíọ̀nù 6 yẹn jọ sójú kan.

Ní ti àdéhùn fúnra ẹ̀, òfin ilẹ̀ ti Ẹkùn Ìwọ̀ Oòrùn àtijọ́, ti ọdún 1959, ni wọ́n ń lò l'Ọ́yọ̀ọ́. Ìsọ̀rí 67 ní kó wà lákọsílẹ̀, kí ẹni tí wọ́n pè lẹ́jọ́ tàbí aṣojú rẹ̀ sì ti fọwọ́ sí i. Kò dìgbà tó bá jẹ́ ìwé ńlá tí lọ́yà kọ. Rìsíìtì lásán lè tó, bó bá ti sọ ẹni tó tà, ẹni tó rà, ilẹ̀ wo, àti iye owó. Ẹ yọ tiyín wò lónìí. Bó bá jẹ́ "owó ilẹ̀" nìkan ni wọ́n kọ, ẹ fi sọ́fè àti ìwé báńkì tì í lẹ́yìn. Ẹ má fojú kékeré wo búlọ́ọ̀kù yẹn náà. Owó sísan nìkan kì í sábà tó, àmọ́ kí onílẹ̀ máa wò yín kẹ́ ẹ wọlé, kẹ́ ẹ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, ẹ̀rí ńlá nìyẹn. Kí àbúrò yín ya fọ́tò ẹ̀.

Ọ̀rọ̀ WhatsApp wúlò, ṣùgbọ́n ìsọ̀rí 84 òfin ẹ̀rí ti 2011 fẹ́ ìwé tó jẹ́rìí sí ẹ̀rọ tí wọ́n fi tẹ̀ ẹ́ jáde. Ẹ má pa ọ̀rọ̀ kankan rẹ́, ẹ má sì ta fóònù yẹn. Wọ́n tún lè sọ pé ẹ ò forúkọ ìwé yín sílẹ̀ níjọba. Ẹ má jẹ́ kíyẹn já yín láyà, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ ti sọ nínú ẹjọ́ Benjamin àti Kalio pé ìyẹn ò ní kí wọ́n má gba ìwé ilẹ̀ lẹ́rìí.

Ẹ lè fún àbúrò yín ní power of attorney, ìyẹn ìwé àṣẹ pé kó ṣojú yín, kẹ́ ẹ fọwọ́ sí i ní Houston níbẹ̀ níwájú notary, ẹni tí òfin fún láṣẹ láti jẹ́rìí sí ìwé. Àmọ́ kò lè jẹ́rìí sóhun tí kò ṣojú ẹ̀. Bó bá jẹ́ ẹ̀yin àti onílẹ̀ lẹ jọ dúnàádúrà lórí fóònù, ẹ̀yin lẹ máa sọ ọ́.

Bó bá jẹ́ ilẹ̀ mọ̀lẹ́bí ni, ẹ wò ó bóyá Mọ́gàjí wọn fọwọ́ sí i. Bí olórí ẹbí ò bá sí níbẹ̀, títà náà ò fẹsẹ̀ múlẹ̀ rárá.

Kí lọ́yà tètè bẹ kọ́ọ̀tù pé kí wọ́n dá onílẹ̀ dúró ná kó má bàa tà á fẹ́lòmíràn, torí ẹni tó bá rà á láìmọ̀ pé ẹ ti wà níbẹ̀ lè gbà á mọ́ yín lọ́wọ́. Lónìí náà, kí àbúrò yín fi ọ̀dà kọ ọ́ gàdàgbà sára búlọ́ọ̀kù pé ilẹ̀ yìí kì í ṣe títà.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ dáhùn èyí: orúkọ ta ló wà lórí rìsíìtì, tiyín àbí ti àbúrò yín? Bó bá jẹ́ tiẹ̀ ni, ẹ sọ fún lọ́yà kó tó kọ lẹ́tà yẹn, torí ìyẹn ló máa pinnu orúkọ ẹni tó máa pe ẹjọ́.