Kí ẹ tó san kọ́bọ̀ kan lórí ilé ní Houston, ẹ béèrè ìtàn ilẹ̀ náà

Ẹ̀yin tí ẹ fẹ́ kó wá láti Chicago, mo ka ìbéèrè yín lẹ́ẹ̀mejì. Ẹ ní ejẹ́ǹtì fi ilé oníyàrá mẹ́rin kan hàn yín ní apá ìwọ̀-oòrùn Houston, lọ́nà Katy, pé owó rẹ̀ kò ga, pé àdúgbò náà kò sí lára ibi tí ìjọba kà sí àgbègbè omíyalé, nítorí náà ẹ kò nílò ìnṣọ́ránsì omi. Ẹ wá ń béèrè bóyá kí ẹ sanwó. Mo bẹ̀ yín, ẹ dúró ná. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n sọ fún yín yìí náà ni wọ́n sọ fún èmi àti ìyàwó mi nígbà tá a ra tiwa, a sì gbà á gbọ́.

Ìparí oṣù kẹjọ ọdún 2017 ni ìjì Harvey dé. Òjò náà rọ̀ fún bí ọjọ́ mẹ́rin. Ó lé ní ínǹṣì 40 ní ọ̀pọ̀ ibi ní Houston. Ní ìlú Nederland, lẹ́bàá Beaumont ní Texas níbí, ó lé ní 60. Ní gbogbo ìgbà tó ń rọ̀ kíkankíkan yẹn, ẹ̀kán omi kan kò wọ ilé wa. A ti ń dúpẹ́, a ti ń pe àwọn ẹbí pé kò séwu. Ìgbà tí òjò di winniwinni ni omi tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé. Kò ya wọlé bí àgbàrá rárá. Ó ń yọ́ bọ̀ látinú gọ́tà, ó gba orí koríko, ó dé ẹnu ọ̀nà gáréèjì. Mo mú máàkà, mo fa ìlà sára ògiri: ago 9 alẹ́, ago 11, ago 2 òru. Ìlà kọ̀ọ̀kan ń ga ju èyí tó wà nísàlẹ̀ rẹ̀ lọ. Nígbà tílẹ̀ mọ́, fírísà wa ti dojú dé, ó ń léfòó nínú kíṣíìnì, ẹran àti ẹja tá a kó sínú rẹ̀ ń léfòó káàkiri lórí omi. Àwọn ọkùnrin kan tí a kò mọ̀ rí ló fi ọkọ̀ ìpẹja wá gbé àwọn ọmọ wa jáde.

Ìyá mi pè láti Ìbàdàn. Ohun àkọ́kọ́ tí wọ́n sọ ni pé, "Ṣé Ògùnpa ti tẹ̀ lé yín dé òkè òkun ni?" Ìparí oṣù kẹjọ ni odò Ògùnpa náà ya ní 1980, wọn ò sì gbàgbé. Mi ò rí èsì fọ̀ fún wọn.

Omi yẹn lé ní ọ̀sẹ̀ kan nínú ilé. Nígbà tá a padà wọlé, páálí tí wọ́n fi ṣe ògiri ti rọ̀ bí búrẹ́dì tó bọ́ sínú tíì, ebu dúdú ti hù dé ibi tí ojú fèrèsé wà. A gé gbogbo rẹ̀ kúrò títí dé àyà, a kó o sí ẹ̀gbẹ́ títì, àwo àwọn òbí ìyàwó mi àti fọ́tò ìgbéyàwó wa wà lára ohun tí katakata wá kó lọ. Ìnṣọ́ránsì ilé tí à ń san lóṣooṣù ní òun kì í san owó omi tó ya wọlé láti ìta. Òótọ́ ni, ó wà nínú ìwé. Àwa ni a kò kà á.

Lẹ́yìn ìyẹn ni mo wá jókòó ka ìtàn ilẹ̀ tá a kọ́lé sí. Ní 1935, omi ba àárín ìlú Houston jẹ́ gan-an. Àwọn onímọ̀-ẹ̀rọ ọmọ ogun Amẹ́ríkà wá kọ́ dáàmù oníyẹ̀pẹ̀ méjì sí ìwọ̀-oòrùn ìlú kí omi má bàa dé ìlú mọ́: Barker parí ní 1945, Addicks ní 1948. Oko ìrẹsì àti pápá màlúù ló yí wọn ká nígbà náà. Ìgbà òjò ńlá ni wọ́n ń dá omi dúró lẹ́yìn wọn, bí ìgbà tí omi kún inú ìkòkò; ní ọjọ́ gbogbo, ẹ kò lè rí adágún níbẹ̀. Igbó ni, ọgbà ìtura ni, àwọn ọmọdé ń gbá bọ́ọ̀lù níbẹ̀. Ìdí nìyẹn tí àlejò kì í fi mọ̀ pé inú ìkòkò lòun wà. Ilẹ̀ tí ìjọba rà lẹ́yìn dáàmù kò dé ibi tí omi lè gùn dé nígbà tí ìkòkò bá kún. Èyí tó ṣẹ́ kù wà lọ́wọ́ àwọn aládàáni, nígbà tí ìlú sì fẹ̀ dé ọ̀hún, wọ́n kọ́lé sí i, títí kan tiwa. Omi tó wọlé tọ̀ wá lọ́dún 2017 kò ṣìnà. Ibi tí wọ́n ṣe sílẹ̀ fún un ló wá.

Ohun tó dùn mí jù ni pé wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀. Ní káúńtì Fort Bend (ìjọba ìbílẹ̀ kan ní apá Katy), ìwé àwòrán ilẹ̀ àwọn àdúgbò kan tó wà ní ọ́fíìsì rẹ̀ ní gbólóhùn kékeré kan nísàlẹ̀, pé omi Barker lè bo ilẹ̀ yìí. Lẹ́tà tíntìntín. Kò sẹ́ni tó fi hàn wá lọ́jọ́ tá a fọwọ́ síwèé.

Ìyẹn nìkan kọ́. Ilẹ̀ Houston ń rì. Ní oṣù kìíní ọdún 1901, epo rọ̀bì tú jáde ní Spindletop, lẹ́bàá Beaumont, bí àgbá 100,000 lójúmọ́, ìgbésí ayé gbogbo Texas sì yí padà. Lẹ́yìn tí wọ́n gbẹ́ ojú ọ̀nà ọkọ̀ òkun dé Houston ní 1914, ilé iṣẹ́ ìfọpo kún ẹ̀bá rẹ̀, gbogbo wọn sì ń fa omi lábẹ́ ilẹ̀. Òfin kò dí wọn lọ́wọ́: láti 1904 ni ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Texas ti dá a pé ẹni tó nilẹ̀ lè fa omi abẹ́ rẹ̀ bó ṣe wù ú, bí kànga aládùúgbò tilẹ̀ gbẹ. Amọ̀ ló wà láàárín yanrìn abẹ́ ilẹ̀ ibẹ̀. Tí wọ́n bá fa omi kúrò lára rẹ̀, amọ̀ á fún pọ̀ bíi kànìnkànìn tí èèyàn tẹ̀ mọ́lẹ̀, àmọ́ kò ní wú padà bí ẹ bá tún da omi sí i. Láwọn ibì kan lẹ́bàá ọ̀nà ọkọ̀ òkun náà, ilẹ̀ ti rì ní nǹkan bí ẹsẹ̀ bàtà 10.

Ẹ lọ wo Brownwood ní Baytown. Àdúgbò àwọn olówó ni tẹ́lẹ̀, ó kọjú sí omi. Ilẹ̀ ń lọ sísàlẹ̀, òkun ń gun òkè bọ̀, wọ́n ń kọ́ odi, omi ń fo odi, títí ìjì Alicia fi pa á rẹ́ ní 1983. Ó ti di ọgbà ẹyẹ báyìí. Mo mú àwọn ọmọ mi lọ síbẹ̀ lọ́dún tó tẹ̀ lé Harvey. Ẹ ṣì lè rí ọ̀dà títì tó rìn wọnú omi lọ tí kò padà jáde. Apá kan pápá San Jacinto náà, níbi tí Texas ti ja ogun òmìnira lọ́dún 1836, ti wà lábẹ́ omi. Ìjọba Texas dá àjọ kan sílẹ̀ ní 1975 láti máa ṣọ́ omi abẹ́ ilẹ̀; wọ́n fi omi odò rọ́pò rẹ̀ ní ìlà-oòrùn, rírì sì dín kù níbẹ̀. Ìwọ̀-oòrùn àti àríwá ló kù, lọ́nà Katy tí ẹ ń wò yìí.

Koríko náà ń kọ́? Pápá koríko gíga ló wà ní Katy kí àwọn àgbẹ̀ ìrẹsì tó dé, gbòǹgbò rẹ̀ jìn, ó ń mu òjò. Lára irú pápá bẹ́ẹ̀ tó wà ní etíkun Texas àti Louisiana, kò ku ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún. Oko àti kọnkéré ló gba ìyókù, kọnkéré kì í sì í mu omi.

Nítorí náà, ẹ lọ sí ọ́fíìsì káúńtì, ẹ gba àwòrán ilẹ̀ àdúgbò náà, ẹ ka èyí tó kéré jù nísàlẹ̀ rẹ̀. Ẹ béèrè lọ́wọ́ aládùúgbò, kì í ṣe ejẹ́ǹtì, ibi tí omi dé ní 2017. Ẹ wo ògiri òkè ilẹ̀kùn bóyá ó sán. Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, amọ̀ ibẹ̀ máa ń súnkì débi pé à ń fi róbà bomi rin ìpìlẹ̀ ilé bí ẹni ń bomi rin ẹ̀fọ́. Tí ẹ bá sì rà á, ẹ ra ìnṣọ́ránsì omi ti ìjọba àpapọ̀ lọ́jọ́ náà gan-an, ohunkóhun tí máàpù ì báà wí. Tí kì í bá ṣe pé báńkì tó yá yín lówó ló ní kí ẹ gbà á, ó máa ń tó 30 ọjọ́ kó tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́; ẹ kò lè rà á nígbà tí ìjì bá ti wà lójú òkun.

Àwa ṣì ń gbé Houston. A kó lọ sí ibòmíràn, ilẹ̀ rẹ̀ ga díẹ̀. Ẹ kọ orúkọ àdúgbò yẹn ránṣẹ́ sí mi kí ẹ tó fọwọ́ sí nǹkan kan, máa bá yín wá ìwé rẹ̀ jáde.