Èsì: Kí ló dé tí fíìmù kì í bá ìwé ìtàn iwin mu?

Àbúrò wa ní Ìbarà, o bèèrè ìdí tí fíìmù fi ń yí ìwé ìtàn iwin padà. Àkókò ni àkọ́kọ́: ojú ewé kan nínú ìwé eré sábà máa ń gba ìṣẹ́jú kan, nítorí náà fíìmù wákàtí méjì kò ju bí 120 ojú ewé lọ. Ìdí nìyẹn tí Tom Bombadil, ọkùnrin inú igbó tó wà nínú ìwé náà, kò fi sí nínú fíìmù The Lord of the Rings ti 2001. Owó sì lè fa ìtàn gùn o, ìwé kan ṣoṣo ni The Hobbit, fíìmù mẹ́ta ni wọ́n fi ṣe.

Àwọ̀ náà ńkọ́? Bàtà fàdákà ni Dorothy, ọmọbìnrin inú The Wizard of Oz, wọ̀ nínú ìwé 1900; fíìmù 1939 sọ ọ́ di pupa kí ó lè tàn lójú. Ìyẹn kò burú. Sísọ Oz, ilẹ̀ iwin tí Dorothy lọ, di àlá lásán ló bà á jẹ́ lójú tèmi.

Wàyí o, wo The Palm-Wine Drinkard, ìwé Amos Tutùọlá ọmọ Abẹ́òkúta, ti 1952: ọkùnrin arẹwà tó yá ẹ̀yà ara lò, tó ń dá wọn padà lọ́kọ̀ọ̀kan títí ó fi ku agbárí. Gbólóhùn díẹ̀ ni lórí ìwé. Nínú fíìmù, wọn á fi aṣọ àwọ̀ ewé wé ẹsẹ̀ òṣèré, wọn á fi kámẹ́rà ya ibẹ̀ lọ́tọ̀ láìsí ènìyàn, kí wọ́n tó fi kọ̀ǹpútà pa ẹsẹ̀ náà rẹ́, kí wọ́n sì fi àwòrán ibẹ̀ dí i. Bí kámẹ́rà bá mì pẹ́nrẹ́n, àbùlẹ̀ yóò hàn. Ẹ̀yà méjì péré ni adarí eré tó gbọ́n yóò fi hàn, yóò yí kámẹ́rà sí ojú ọmọbìnrin tó ń tẹ̀lé arẹwà náà, lẹ́yìn náà agbárí.