Ọjọ́ márùn-ún fún Kilimanjaro? Gbọ́ tẹnu mi kí o tó sanwó

Àbúrò, mo rí ìbéèrè rẹ pé ṣé ọjọ́ márùn-ún á tó láti gba ọ̀nà Marangu gun Kilimanjaro, òkè ńlá tó wà ní Tanzania, lóṣù kìíní, àti irú bàtà wo ni kí o rà. Oṣù kìíní dáa, òjò kì í pọ̀. Ṣùgbọ́n má sanwó ọjọ́ márùn-ún yẹn o. Èmi san án, ojú mi rí nǹkan.

Wọ́n á sọ fún ẹ pé Marangu ló rọrùn jù torí inú ilé onípákó lèèyàn ń sùn, kì í ṣe àgọ́. Ti ilé yẹn, òótọ́ ni. Àmọ́ ṣírò ó wò: ọjọ́ kìíní, o sùn ní ibùdó Mandara, tó ga tó bíi mítà 2,700. Ọjọ́ kejì, Horombo, 3,720. Ọjọ́ kẹta, Kibo Hut, nǹkan bíi 4,700. Lóru ọjọ́ kẹta yẹn náà ni wọ́n á jí ẹ pé ó yá, ká máa lọ sí Uhuru, ṣóńṣó òkè náà, 5,895. Ìgbà wo ni ara fẹ́ mọ ibi tó wà?

Mo bi ẹni tó ta ìrìnàjò náà fún mi. Ó ní, "Ẹ̀yin tẹ́ ẹ máa ń sáré láràárọ̀, kí lẹ̀ ń bẹ̀rù?" Dókítà tí mo lọ bá wọn ẹ̀jẹ̀ ríru mi, ó ní kò séwu, ó gbowó rẹ̀. Kò sẹ́ni tó sọ fún mi nínú wọn pé tó bá dórí òkè yẹn, bíi ìdajì afẹ́fẹ́ tá à ń mí létí òkun ló kù, àti pé agbára ẹsẹ̀ ò kan àìsàn òkè (èyí tí àìtó afẹ́fẹ́ ń fà) rárá. Àwa sárésáré yìí gan-an ló ń kó sí i, torí a ò mọ̀ ọ́n rọra rìn.

Orí ti ń fọ́ mi láti Kibo. Mo fi pa mọ́, ṣebí mo ti sanwó. Ọ̀gànjọ́ la gbéra, kálukú so tọ́ọ̀ṣì mórí. Òkúta wẹ́wẹ́ àti eérú lo máa tẹ̀: o gbé ẹsẹ̀ méjì, ọ̀kan yọ̀ padà. Omi dì nínú rọ́bà tí mo fi ń fà á mu. Fóònù kú, òtútù ló pa á (inú aṣọ, mọ́ ara, ni kó o máa fi sí). Nígbà tá a dé ihò Hans Meyer, èyí tí wọ́n fi sọrí ará Jámánì tó dé ṣóńṣó òkè náà pẹ̀lú Ludwig Purtscheller lọ́dún 1889, mo bì, mo tún bì. Afinimọ̀nà wa bi mí pé ọjọ́ wo lòní. Mo ní Sunday. Ọjọ́bọ̀ ni. Mo wá bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín. Ojú ẹsẹ̀ ló yí mi padà. Mo bú u ní Yorùbá délẹ̀, òun ń sọ pé "pole, pole". Lédè Swahili, pẹ̀lẹ́ nìyẹn. "Pole pole" sì ni pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́. Bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ gan-an là ń sọ ọ́, etí mi ló di.

Ká tó dé Horombo, orí fífọ́ náà ti lọ bí iyọ̀ tó bọ́ sómi. Sísọ̀kalẹ̀ loògùn rẹ̀. Bí ẹnì kan nínú yín bá ń ta gọ̀ọ́gọ̀ọ́ bí ọ̀mùtí, tàbí ó ń wúkọ́ tó ń hó, ẹ má dúró kí ilẹ̀ tó mọ́, ẹ gbé e sọ̀ kalẹ̀ kíá.

Ẹlẹ́ẹ̀kejì, ọjọ́ mẹ́jọ ni mo gbà lọ́nà Lemosho. A gun dé Lava Tower, ibi àpáta kan tó ju mítà 4,600 lọ, a sì sọ̀ kalẹ̀ lọ sùn ní ibùdó Barranco, níbi tí kò tó 4,000. Ìyẹn ló jẹ́ kára mọ́ra. Láti Barafu, ibùdó tó kẹ́yìn, a gba Stella Point, létí ṣóńṣó òkè, dé Uhuru, ìyókù ò lẹ́jọ́ nínú. Bó bá jẹ́ Marangu lo fẹ́ dandan, fi ọjọ́ kan kún un, kó o lò ó ní Horombo.

Diamox, oògùn àìsàn òkè, ràn mí lọ́wọ́, àmọ́ ó ń jẹ́ kí ìka máa ta ni, ìtọ̀ ò sì ní jẹ́ kó o sùn. Bi dókítà tó mọ̀ nípa òkè, kì í ṣe irú tèmi. Má gbàgbé káàdì abẹ́rẹ́ ibà pọ́njú. Ẹnì kan dá mi dúró ní pápákọ̀ òfurufú fún wákàtí méjì lórí tèmi, ó sì wà lọ́wọ́ mi! Ọ̀rá náílọ̀nù, fi í sílé, wọ́n ti fòfin dè é ní Tanzania láti 2019. Bí owó ilé iṣẹ́ kan bá sì ti pọ́ọ́kú jù, wo ẹsẹ̀ àwọn aláàárù wọn. Mo rí èyí tó gbé ẹrù wa, sálúbàtà ló wọ̀ sẹ́sẹ̀.

Ẹ̀n-ẹ́n, bàtà. Èyí tó bo ọrùn ẹsẹ̀, tómi ò lè wọ̀, kó fi díẹ̀ tóbi jù ẹ́ lọ. Máa fi rìn láti ìsinsìnyí. Gé èékánná ẹsẹ̀ kó o tó lọ, torí ìsọ̀kalẹ̀ ló ń pa ọmọ ìka. Méjì nínú tèmi dúdú, wọ́n sì já bọ́. Ọ̀kan ṣẹ̀ṣẹ̀ hù tán ni.