Ẹ Bi Wá: Fíìmù Nípa Àwọn Tí Ìtàn Gbójú Fò

ÌBÉÈRÈ: Olóòtú wa ọ̀wọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Mo fẹ́ máa ṣe fíìmù dọ́kúmẹ́ńtárì, èyí tí a fi ń sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ gan-an láìsí òṣèré. Àwọn ìyá tó ń bó gbànja nílùú wa ni mo fẹ́ fi bẹ̀rẹ̀, ìyá ìyá mi sì wà lára wọn, nítorí bí wọ́n bá ń pìtàn òwò obì, àwọn olówó rẹ̀ nìkan là ń gbọ́. Àwọn ọ̀rẹ́ mi ní kò sẹ́ni tó máa wò ó. Ǹjẹ́ ẹnikẹ́ni ti fi irú iṣẹ́ yìí dé ibi kan rí? Ibo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀?
Olùkàwé yín, Ṣágámù

ÌDÁHÙN: Ó wà. Ọ̀kan lára wọn ni Stanley Nelson, tí wọ́n bí ní New York ní ọdún 1951. Lára àwọn fíìmù tó kọ́kọ́ ṣe ni èyí tó dá lórí Madam C. J. Walker, ọmọ àwọn tó ti ṣe ẹrú rí, tó fi ìpara irun lówó lọ́wọ́, tó sì fún ẹgbẹẹgbẹ̀rún obìnrin aláwọ̀ dúdú níṣẹ́. Bàbá tó bí ìyá Nelson ni agbẹjọ́rò àti alábòójútó ilé-iṣẹ́ Walker. Ìtàn ilé ara rẹ̀ ló fi bẹ̀rẹ̀, bí ẹ̀yin náà ṣe fẹ́ ṣe. Ní ọdún 2003, ó ṣe fíìmù lórí Emmett Till, ọmọ ọdún 14 tí àwọn aláwọ̀ funfun pa ní Mississippi ní ọdún 1955, tí ilé ẹjọ́ sì dá àwọn méjì tí wọ́n fẹ̀sùn kàn sílẹ̀. Ó wá àwọn àgbàlagbà tí ọ̀rọ̀ náà ṣojú wọn kàn, ó sì gbọ́ tẹnu wọn. Ní ọdún tó tẹ̀ lé e, ìjọba Amẹ́ríkà tún bẹ̀rẹ̀ ìwádìí ọ̀ràn náà. Kì í ṣe fíìmù yẹn nìkan ló fà á, nítorí àwọn mìíràn náà ń ké gbàjarè, ṣùgbọ́n ó kó ipa tirẹ̀.

Ẹ rán àwọn ọ̀rẹ́ yín létí Hubert Ògúndé, ọmọ Òsósà. Nígbà tí ọlọ́pàá yìnbọn pa àwọn awakùsà 21 ní Enugu ní oṣù Kọkànlá ọdún 1949, ó fi ọ̀rọ̀ náà ṣeré ní ọdún tó tẹ̀ lé e, ìjọba amúnisìn sì fòfin dè é ní apá Àríwá. Ìjọba kì í fòfin de eré tí ẹnikẹ́ni kò wò.

Ọ̀dọ̀ ìyá ìyá yín ni kí ẹ ti bẹ̀rẹ̀, fóònù ọwọ́ yín sì tó. Ẹ jẹ́ kí kámẹ́rà rẹ̀ pẹ́ lára ọwọ́ wọn: bí èèpo funfun ṣe ń bọ́ kúrò lára obì tí wọ́n ti rẹ sómi, bí wọ́n ṣe ń ṣa èyí tí kòkòrò ti jẹ sọ́tọ̀, bí wọ́n ṣe ń fi ewé tẹ́ inú agbọ̀n kí obì má baà gbẹ. Lẹ́yìn náà, ẹ béèrè iye tí wọ́n ń gbà lórí agbọ̀n kan, àti ẹni tó ń dá iye náà. Ẹ dé Sábó pẹ̀lú, torí ìtàn obì Rẹ́mọ kò pé láìsí àwọn Hausa tó ń rà á lọ sí Òkè Ọya. Ṣùgbọ́n ìjà Yorùbá àti Hausa ní Ṣágámù ní oṣù Keje ọdún 1999 ṣì ń dun àwọn èèyàn níhà méjèèjì, nítorí náà ẹ fọgbọ́n béèrè.

Ẹ fi ohun tí ẹ bá gbọ́ wé àwọn fáìlì ìjọba amúnisìn lórí ẹkùn Ìjẹ̀bú, tó wà ní ilé ìpamọ́ ìwé ìjọba nínú ọgbà Yunifásítì Ìbàdàn. Bí ẹ kò bá rí orúkọ àwọn obìnrin alágbàṣe níbẹ̀, ẹ má ṣe gbà pé wọn kò sí. Ẹni tó ń kọ ọ́ ni kò ka iṣẹ́ wọn sí. Ní ti owó, kì í tètè dé, ẹ má tíì fi iṣẹ́ tó ń bọ́ yín sílẹ̀. Nígbà tí fíìmù bá pé, ẹ gbé e lọ sí iREP, àjọ̀dún fíìmù dọ́kúmẹ́ńtárì ní Èkó, níbi tí àwọn oníṣẹ́ yìí ti ń pàdé.

ÌBÉÈRÈ: Ìyá kan sọ fún kámẹ́rà mi bí ọ̀gá rẹ̀ àtijọ́ ṣe fìyà jẹ ẹ́. Ọmọ rẹ̀ ní kí n pa á rẹ́. Kí ni kí n ṣe?
Olùkàwé, Ìjẹ̀bú-Igbó

ÌDÁHÙN: Ìyá ló ni ọ̀rọ̀ náà, ọ̀dọ̀ wọn ni kí ẹ padà sí. Ẹ jẹ́ kí wọ́n wo ohun tí wọ́n sọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kí ọmọ wọn jókòó tì wọ́n. Bí wọ́n bá ní kí ẹ yọ ọ́, ẹ yọ ọ́, bó ti wù kó dára tó. Bí wọ́n bá ní kó wà, ẹ bi wọ́n bóyá kí ẹ fi ojú àti orúkọ wọn pa mọ́.