Ṣé coral bells lè hù ní Surulere?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o sà. Àbúrò mi obìnrin tó wà ní Kánádà ló fi fọ́tò fúláwà kan hàn mí, coral bells ni wọ́n ń pè é, ewé ẹ̀ pupa, òmíràn elésè-àlùkò, ó wù mí gan-an. Ó ní òun máa fi irúgbìn ẹ̀ ránṣẹ́. Surulere ni mo ń gbé, ẹ̀yìn ilé ni àyè tí mo ní wà, oòrùn àárọ̀ nìkan ló ń dé bẹ̀, tó bá ti di ọ̀sán ògiri ilé kejì á ti ṣíji bò ó. Ìgbà wo ni kí n gbìn ín, báwo ni kí n sì ṣe é?

Ìdáhùn: Ẹ kú àárọ̀ o mà. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má nawó sí coral bells ní Surulere, kò ní pẹ́ kú. Kì í ṣe pé ọwọ́ yín ò dáa o. Àríwá Amẹ́ríkà ni fúláwà yẹn ti wá, ó fẹ́ kí òtútù mú òun dáadáa fún oṣù mélòó kan lọ́dún, kí alẹ́ náà sì tutù. L'Ékòó ńbí, òru gan-an ń móoru, tí òjò oṣù kẹfà bá wá dé, ooru àti omi á jọ pàdé nídìí ẹ̀, ibi tí gbogbo ewé ti ń yọ yẹn á bẹ̀rẹ̀ sí í jẹrà.

Àbúrò yín lè gbìn ín ní tiẹ̀. Ẹ sọ fún un pé kó dúró kí yìnyín yọ́ tán, bí oṣù karùn-ún, tàbí kó gbìn ín ní oṣù kẹsàn-án kí òtútù tó padà dé. Kó fi àlàfo 30 sí 45 sẹ̀ǹtímítà sáàrin wọn, kí ibi tí ewé ti ń yọ bá ojú ilẹ̀ dọ́gba, kó má rì í wọlẹ̀. Òtútù máa ń ti gbòǹgbò ẹ̀ sókè, tó bá rí bẹ́ẹ̀ kó tẹ̀ ẹ́ padà, kó bu ilẹ̀ sí i.

Ní ti irúgbìn yẹn, ẹ ní kó má fi ránṣẹ́. Àwọn aláràbarà tẹ́ ẹ rí nínú fọ́tò, irúgbìn wọn kì í sábà jọ ìyá, gbòǹgbò àti ewé ìdí ẹ̀ ni wọ́n máa ń pín láti fi gbin òmíràn. Àti pé irúgbìn òkè òkun gbọ́dọ̀ ní ìwé àṣẹ kó tó wọlé, àwọn Nigeria Agricultural Quarantine Service ló ń bójú tó ìyẹn, torí àrùn àti kòkòrò lè bá a wọlé kó ba oko àwọn àgbẹ̀ wa jẹ́. Mi ò fọwọ́ yẹpẹrẹ mú ọ̀rọ̀ yìí rárá.

Ewé aláwọ̀ lojú yín ń fẹ́, àbí? Ẹ gbin coleus. Ilẹ̀ olóoru ní Éṣíà lòun ti wá, ooru wa ò ṣe é ní nǹkan kan, ẹ máa rí i lọ́wọ́ àwọn tó ń ta fúláwà létí títì, pupa wà, elésè-àlùkò wà, aláwọ̀ ewé tó pọ́n létí náà wà. Ibi tẹ́ ẹ ṣàpèjúwe yẹn gan-an ló yẹ ẹ́, torí oòrùn ọ̀sán máa ń jẹ́ kí àwọ̀ ẹ̀ ṣá.

Oṣù kẹrin sí ìkarùn-ún, tí òjò bá ti fìdí múlẹ̀, nìgbà tó dáa jù. Oṣù kẹsàn-án náà dáa. Tẹ́ ẹ bá gbìn ín lásìkò ọ̀yẹ́, ẹ gbọ́dọ̀ máa bomi rin ín déédéé o.

Ẹ má ra púpọ̀. Ẹ gé ẹ̀ka tó gùn tó ìka ọwọ́ nísàlẹ̀ oríkèé, ẹ já ewé ìsàlẹ̀ dànù, ẹ fi í sínú ife omi lábẹ́ ìbòòji, kẹ́ ẹ máa pààrọ̀ omi ẹ̀, láàárín ọ̀sẹ̀ kan sí méjì á ti ta gbòǹgbò. Omi máa ń dúró sílẹ̀ lọ́pọ̀ ibi ní Surulere, nítorí náà ẹ kó ilẹ̀ jọ kó ga díẹ̀, ẹ po ilẹ̀dú mọ́ yanrìn odò àti ìgbẹ́ adìẹ tó ti pẹ́, torí ìgbẹ́ tútù máa ń jó gbòǹgbò. Yanrìn etí òkun kọ́ o, iyọ̀ wà nínú ẹ̀. Tó bá ti ń dàgbà, ẹ máa já ṣóńṣó orí ẹ̀ kó lè pẹ̀ka, ẹ já òdòdó tó bá fẹ́ yọ náà, torí tó bá ti tanná tán ewé ẹ̀ kì í dáa mọ́. Ìgbín fẹ́ràn ẹ̀ púpọ̀, ẹ fi tọ́ọ̀ṣì wò ó lálẹ́ kẹ́ ẹ ṣà wọ́n kúrò.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ fi nǹkan mìíràn kún un, fúláwà kan tó ń jẹ́ caladium náà wà, ewé ẹ̀ láwọ̀, ó rẹwà, àmọ́ oje ẹ̀ máa ń yún èèyàn lẹ́nu gan-an, tọ́mọ kékeré bá wà nílé ẹ gbé e jìnnà. Tó bá di ẹ̀ẹ̀rùn tí ewé ẹ̀ rọ tán, ẹ má hú u dànù, iṣu ẹ̀ ṣì wà láàyè nínú ilẹ̀, tí òjò bá padà dé á tún yọ.